Jẹ́ẹ̀tì Kékeré fún Ọwọ́ Tuntun: Àgbéyẹ̀wò Fouga Magister àti Àwọn Ẹgbẹ́ Rẹ̀

Nígbà tí Ogun Àgbáyé Kejì fi máa parí ní 1945, jẹ́ẹ̀tì ti fi hàn pé ìgbà bàálù alábẹ̀bẹ̀ ti ń lọ sópin lójú ogun. Láàárín ọdún díẹ̀, Amẹ́ríkà, Gẹ̀ẹ́sì, Rọ́ṣíà àti Faransé ti ń fi jẹ́ẹ̀tì rọ́pò àwọn bàálù ogun tí wọ́n ń lò tẹ́lẹ̀. Ìṣòro kan wá yọjú: orí bàálù wo ni ọ̀dọ́ tí kò fò rí yóò ti kọ́ bí a ṣe ń wa jẹ́ẹ̀tì? Bó bá pẹ́ jù lórí bàálù alábẹ̀bẹ̀, àwọn àṣà kan yóò mọ́ ọn lára tí yóò pọn dandan kó gbàgbé. Bí wọ́n bá sì tètè gbé e lé jẹ́ẹ̀tì ogun, ó lè pa ara rẹ̀ àti olùkọ́ rẹ̀.

Ìbéèrè yìí ló bí àwọn jẹ́ẹ̀tì kékeré ìkọ́ṣẹ́ tó jáde láàárín 1950 sí 1960. Orílẹ̀-èdè mélòó kan ló dáhùn rẹ̀, kálukú bí agbára rẹ̀ ṣe mọ. Fouga Magister ti ilẹ̀ Faransé ni mo fi ṣe òpó àgbéyẹ̀wò yìí, torí pé inú ìtàn rẹ̀ ni gbogbo àríyànjiyàn náà ti hàn kedere: ẹ́ńjìnnì, owó epo, ibi tí olùkọ́ yóò jókòó, àti ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ nígbà tí ogun bá dé tí ìjọba kò ní bàálù mìíràn. Ohun tí mo rí nínú ìtàn náà ni pé àwọn tó ṣe àṣeyọrí ni àwọn tó fi akẹ́kọ̀ọ́ àti àpò ìjọba ṣe òṣùwọ̀n. Àwọn tó ń lé eré àti orúkọ kò pẹ́ tí wọ́n fi padà sẹ́yìn.

Kí jẹ́ẹ̀tì kékeré tó dé

Ọgbọ́n àkọ́kọ́ tí wọ́n dá ni pé kí wọ́n fa bàálù ogun gùn, kí wọ́n fi ìjókòó kejì kún un. Báyìí ni Lockheed ní Amẹ́ríkà ṣe sọ P-80 di T-33, tó kọ́kọ́ fò ní March 1948. Gẹ̀ẹ́sì ṣe bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú Meteor, Rọ́ṣíà sì ṣe é pẹ̀lú MiG-15. T-33 ṣiṣẹ́ dáadáa, ó lé ní 6,000 tí wọ́n ṣe nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n àárín àwọn tó ti mọ bàálù wà ni wọ́n ti ń lò wọ́n. Láti fi ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé sórí irú wọn dà bí ìgbà tí èèyàn bá fi tírélà kọ́ ẹni tí kò di ọwọ́ ọkọ̀ mú rí.

Bàálù alábẹ̀bẹ̀ ayé ìgbà náà ní ìwà tirẹ̀. Bí abẹ̀bẹ̀ bá ti ń yí, ó máa ń fa imú bàálù sí ẹ̀gbẹ́ kan nígbà tó bá ń sáré láti gbéra, ẹsẹ̀ awakọ̀ sì gbọ́dọ̀ máa dá a padà láìsinmi. Púpọ̀ nínú wọn ló jẹ́ pé ẹ̀yìn ni táyà kékeré wọn wà, imú wọn a wá nà sókè débi pé awakọ̀ kì í rí iwájú dáadáa nílẹ̀. Jẹ́ẹ̀tì kò ní ìyọnu yìí. Táyà kan wà lábẹ́ imú rẹ̀, ojú ríran, bàálù sì ń lọ tààrà. Ìyọnu tirẹ̀ yàtọ̀: ẹ́ńjìnnì ìgbà náà máa ń lọ́ra, awakọ̀ á ti ọwọ́ agbára síwájú, á sì dúró ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ kí agbára tó dé. Ẹni tí abẹ̀bẹ̀ ti mọ́ lára, tó ń retí ìdáhùn lójú ẹsẹ̀, lè pẹ́ jù láti ké sí ẹ́ńjìnnì nígbà tó bá ń balẹ̀. Epo tí jẹ́ẹ̀tì ń jó sì pọ̀.

Họ́láńdì wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ṣe jẹ́ẹ̀tì láti ìpìlẹ̀ fún ìkọ́ṣẹ́ nìkan. Fokker S.14 fò ní May 1951, olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ sì jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn nínú rẹ̀. Ẹ́ńjìnnì Derwent, irú èyí tí bàálù ogun Meteor ń lò, ni wọ́n fi sí i, bàálù náà sì wúwo. Bí ogún péré ni wọ́n ṣe. Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ ni pé kò tó láti ṣe ara bàálù fún akẹ́kọ̀ọ́. Ẹ́ńjìnnì náà gbọ́dọ̀ jẹ́ ti akẹ́kọ̀ọ́.

Láti ibi àtúnṣe rélùwéè

Ibi tí ẹnikẹ́ni kò fọkàn sí ni ìdáhùn ti wá. Gaston Fouga dá ilé-iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ ní Béziers, ní gúúsù Faransé, ní 1920, àtúnṣe ọkọ̀ rélùwéè sì ni wọ́n ń ṣe. Nígbà tó yá ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kan bàálù aláìlẹ́ńjìnnì, èyí tí atẹ́gùn máa ń gbé. Àwọn méjì tó ń ya àwòrán wọn ni Robert Castello àti Pierre Mauboussin, lẹ́tà àkọ́kọ́ orúkọ wọn ló sì di CM tó wà níwájú nọ́ńbà àwọn bàálù Fouga.

Ní July 1949, wọ́n gbé ẹ́ńjìnnì jẹ́ẹ̀tì kékeré kan tó ń jẹ́ Piméné sí ẹ̀yìn ọ̀kan nínú àwọn bàálù aláìlẹ́ńjìnnì náà, ó sì fò. Bí wọ́n ṣe gbé ẹ́ńjìnnì náà ka orí ẹ̀yìn bàálù, afẹ́fẹ́ gbígbóná tó ń tú jáde lè jó ìrù tó bá nà róró sókè. Wọ́n wá la ìrù náà sí méjì ní ìrísí V, kí iná lè gba àárín kọjá. Ìrù V yìí ló tẹ̀lé Magister dé òpin, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀gbẹ́ ara bàálù, nídìí ìyẹ́, ni ẹ́ńjìnnì méjèèjì rẹ̀ wà. Apá méjì péré ló ń ṣe iṣẹ́ mẹ́ta tí ìrù yòókù ń ṣe: bí awakọ̀ bá fa ọ̀pá, méjèèjì á gbéra pọ̀, imú á lọ sókè, bó bá tẹ ẹsẹ̀, ọ̀kan á lọ sókè, èkejì á lọ sísàlẹ̀, imú á yà. Wọ́n tilẹ̀ fi ìrù irú èyí tí gbogbo ayé mọ̀ sí ọ̀kan nínú àwọn bàálù àkọ́kọ́ láti fi wọ́n wéra, ìrù V ló sì borí.

Àbá àkọ́kọ́ tí Fouga gbé lọ bá àwọn ológun òfuurufú Faransé, CM.130, kò jọ wọ́n lójú. Ẹ́ńjìnnì Palas méjì ló ní, agbára tí ọ̀kọ̀ọ̀kan fi ń ti bàálù kò sì ju nǹkan bíi kìlógíráàmù 160 lọ. Wọ́n padà lọ sídìí iṣẹ́, wọ́n sì mú kí bàálù náà tóbi díẹ̀ sí i kí ó lè gba ẹ́ńjìnnì Marboré, tí agbára tirẹ̀ tó nǹkan bíi 400. Ìyẹn ni CM.170. Ní December 1950, ìjọba ní kí wọ́n ṣe mẹ́ta wò. Ní July 23, 1952, Léon Bourrieau gbé èyí àkọ́kọ́ lọ sókè ní Mont-de-Marsan. Ọdún 1954 ni àwọn ológun Faransé bẹ̀rẹ̀ sí í ra á ní rẹpẹtẹ.

Ẹ́ńjìnnì tó dá bàálù náà sílẹ̀

Ẹni tó bá fẹ́ mọ ìdí tí Magister fi yege, ọ̀dọ̀ Joseph Szydlowski ni kó lọ. Ọmọ Pólàǹdì ni, òun ló dá Turbomeca sílẹ̀ ní Faransé, ilé-iṣẹ́ rẹ̀ sì wà ní Bordes lẹ́bàá Pau. Nígbà tí àwọn yòókù ń du ẹ́ńjìnnì tó túbọ̀ ń tóbi, òun ń wá èyí tó kéré, tó rọrùn, tí kò sì ní ọ̀pọ̀ ẹ̀yà.

Nínú Marboré, kẹ̀kẹ́ kan ṣoṣo ló ń fún atẹ́gùn pọ̀. Ibi tí ọgbọ́n náà pọ̀ sí jù ni bí epo ṣe ń wọlé. Nínú ọ̀pọ̀ ẹ́ńjìnnì, ẹnu páìpù kéékèèké ni wọ́n ti ń fọ́n epo sínú iná, àwọn ẹnu náà sì lè dí tàbí kí wọ́n fọ́n ọn láìdọ́gba. Szydlowski mú epo gba inú ọ̀pá àárín tó ń yí, ó lu ihò sí ọ̀pá náà, yíyí rẹ̀ sì ń fọ́n epo káàkiri bí eruku tínrín. Bí ẹ́ńjìnnì bá ṣe ń yára sí i ni epo ṣe ń fọ́n kúnná sí i.

Ohun tí èyí túmọ̀ sí fún ilé ẹ̀kọ́ ni pé wọ́n rí ẹ́ńjìnnì tí àpò lè gbà. Orúkọ rẹ̀ kàn débi pé Continental ní Amẹ́ríkà gba ẹ̀tọ́ láti máa ṣe é, wọ́n sì pè é ní J69. Bí Faransé àti Amẹ́ríkà tilẹ̀ yan bàálù tó yàtọ̀ síra, ọkàn kan náà ló ń lù nínú méjèèjì.

Àríyànjiyàn ìjókòó

Inú Magister, akẹ́kọ̀ọ́ ló jókòó níwájú, olùkọ́ wà lẹ́yìn rẹ̀. Ó dára fún akẹ́kọ̀ọ́, torí bẹ́ẹ̀ ni yóò ṣe dá jókòó nínú bàálù ogun lọ́la. Ṣùgbọ́n orí akẹ́kọ̀ọ́ dí olùkọ́ lójú. Wọ́n fi dígí alápótí sí i, irú èyí tí ọkọ̀ abẹ́ omi fi ń wo òkè, kí olùkọ́ lè máa gba inú rẹ̀ wo pápá tí wọ́n fẹ́ balẹ̀ sí. Nínú bàálù tí olùkọ́ gbọ́dọ̀ gba ọ̀pá mọ́ akẹ́kọ̀ọ́ lọ́wọ́ láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, kí èèyàn máa gba inú dígí wo ilẹ̀ kì í ṣe ohun kékeré. Kò sì sí ìjókòó tó lè ju awakọ̀ síta bí ewu bá dé. Àléébù gidi ni èyí.

Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà gba ọ̀nà mìíràn. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́, wọ́n ní kí olùkọ́ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ akẹ́kọ̀ọ́, kó máa wo ọwọ́ rẹ̀, kó máa wo ojú rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ Hunting Percival ní Luton mú Provost alábẹ̀bẹ̀ wọn, wọ́n yọ ẹ́ńjìnnì iwájú, wọ́n sì fi Viper ti Armstrong Siddeley sẹ́yìn ìjókòó. Jet Provost fò ní June 26, 1954.

Ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú ọ̀nà Gẹ̀ẹ́sì ni pé wọ́n dán an wò kí wọ́n tó gbà á. Ní ilé ẹ̀kọ́ ológun òfuurufú ní Hullavington, wọ́n kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kan lé Jet Provost láti ọjọ́ àkọ́kọ́, wọ́n sì fi wọ́n wé àwọn tó ń gba orí bàálù alábẹ̀bẹ̀ kọjá. Ní October 1955, akẹ́kọ̀ọ́ kan nínú wọn dá gbé Jet Provost lọ sókè, ó sì dá gbé e balẹ̀. Ìgbà tí ẹ̀rí ti fìdí múlẹ̀ pé ọmọ tuntun lè bẹ̀rẹ̀ lórí jẹ́ẹ̀tì ni wọ́n tó ra èyí tí wọ́n tún ṣe, T.3, tí ó sì ní ìjókòó tó ń ju awakọ̀ síta.

Ní Amẹ́ríkà, Cessna ti Wichita, tí gbogbo ayé mọ̀ mọ bàálù kéékèèké, ló borí nínú ìdíje tí ìjọba gbé kalẹ̀. T-37 fò ní October 12, 1954, J69 méjì ló sì gbé e. Ó kúrú nílẹ̀ débi pé ihò tó ń gba atẹ́gùn lè fa òkúta àti ìdọ̀tí pápá wọlé, wọ́n wá fi asẹ́ sí ẹnu rẹ̀ tó máa ń gbéra nígbà tí ẹsẹ̀ bàálù bá wà nílẹ̀. Ariwo rẹ̀ ń ha etí, ṣùgbọ́n ó lágbára, ó sì ń dárí ji akẹ́kọ̀ọ́. Ó lé ní 1,200 tí wọ́n ṣe, wọ́n sì lò ó títí di 2009.

Temco Pinto kò rí bẹ́ẹ̀ gbà. Ní Dallas ni wọ́n ti ṣe é, ó fò ní March 1956, ẹ́ńjìnnì ìran Marboré yìí náà ló ní, ṣùgbọ́n ẹyọ kan ṣoṣo. Àwọn ológun ojú omi Amẹ́ríkà ra 14, wọ́n lò ó fún ìdánwò ní Pensacola, nígbà tó sì fi máa di òpin 1960, wọ́n ti kó o kúrò nílẹ̀. Agbára rẹ̀ kò tó. Ibi tí Palas ti fẹ́ ri CM.130 sí náà nìyí: Fouga tètè rí i lórí ìwé, Temco kò rí i àfìgbà tí bàálù ti wà lápapọ̀.

Ìdáhùn láti ìlà oòrùn Yúróòpù

Rọ́ṣíà àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ fẹ́ bàálù ìkọ́ṣẹ́ kan ṣoṣo tí gbogbo wọn á jọ máa lò. Ní 1961, wọ́n kó mẹ́ta jọ sí Monino, lẹ́bàá Moscow: Yak-30 ti Rọ́ṣíà, TS-11 Iskra ti Pólàǹdì, àti L-29 Delfín ti Czechoslovakia, tó ti fò láti April 1959. Delfín ló mú un. Kì í sáré ju nǹkan bíi kìlómítà 655 lọ ní wákàtí kan, ẹ́ńjìnnì kan ló ní, ṣùgbọ́n ó lè gbéra lórí koríko, ó lè balẹ̀ lórí iyanrìn, àtúnṣe rẹ̀ sì rọrùn. Pólàǹdì kò fara mọ́ ìdájọ́ náà, wọ́n ń bá Iskra tiwọn lọ. L-29 tó jáde lé ní 3,600, bẹ́ẹ̀ Magister, pẹ̀lú gbogbo òkìkí rẹ̀, lé díẹ̀ ní 900. Ìlú tí ìjọba rẹ̀ jọ rà pọ̀ ló mú iye ga, àmọ́ ìdí tí wọ́n fi yàn án náà ni pé kò le lára akẹ́kọ̀ọ́ àti mẹkáníìkì.

Ní ìwọ̀ oòrùn Yúróòpù, Ítálì ló sún ọ̀rọ̀ síwájú jù. MB-326 tí Ermanno Bazzocchi yàwòrán fún Aermacchi fò ní December 1957, ó ní ẹ́ńjìnnì Viper àti ìjókòó tó ń ju awakọ̀ síta. Bùràsíìlì gba ẹ̀tọ́ láti ṣe é ní Embraer, wọ́n pè é ní Xavante, iṣẹ́ yẹn sì wà lára ohun tí Embraer fi kọ́ ọwọ́ nídìí jẹ́ẹ̀tì.

Nígbà tí ìwé ẹ̀kọ́ di ọfà

Bàálù tó rọrùn láti wà, tó sì lè gbé ìbọn, kò ní pẹ́ kí ogun tó ké sí i. Ní September 1961, Magister kan ṣoṣo tó jẹ́ ti Katanga, agbègbè tó fẹ́ ya kúrò lára Kóńgò, fòòró àwọn ọmọ ogun Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ní Kóńgò. Ó ju bọ́ǹbù lu àwọn ọmọ Áílándì tí wọ́n dó tì ní Jadotville, kò sì sí jẹ́ẹ̀tì kan lọ́wọ́ Àjọ náà tó lè lé e. Lẹ́yìn èyí ni Ethiopia, Sweden àti Íńdíà kó jẹ́ẹ̀tì ogun wá. Ní June 1967, Ísírẹ́lì kó àwọn Magister tó ń kọ́ ọmọ níṣẹ́ lọ kọ lu tánkì, wọ́n ṣe bẹbẹ, ṣùgbọ́n ẹ̀mí àti bàálù lọ sí i.

Ọdún kan náà ni ọ̀rọ̀ yìí kan ilẹ̀ wa. Ọdún 1964 ni wọ́n dá Ilé-iṣẹ́ Ológun Òfuurufú Nàìjíríà sílẹ̀, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ Jámánì, bàálù kéékèèké alábẹ̀bẹ̀ bíi Do 27 àti P.149 sì ni àwọn ọmọ wa fi kọ́ṣẹ́. Nígbà tí ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀, kò sí bàálù ogun kan tí ìjọba àpapọ̀ lè pè ní tirẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà kọ̀, wọn kò ta á. Báyìí ni MiG-17 ṣe dé sí Kánò lọ́dọ̀ Rọ́ṣíà ní August 1967. L-29 náà dé láti Czechoslovakia, Sudan sì fi Jet Provost méjì ránṣẹ́. Bàálù méjì tí wọ́n yàwòrán wọn láti kọ́ ọmọ ní Luton àti ní Prague, ojú ogun ni Nàìjíríà ti kọ́kọ́ mọ̀ wọ́n.

Tógò tí kò jìnnà sí wa náà gba ọ̀nà yìí. Wọ́n lo Magister, wọ́n lo Xavante láti Bùràsíìlì, lẹ́yìn náà ni Alpha Jet. Nàìjíríà náà ra Alpha Jet, MB-339 àti L-39 nínú àwọn ọdún 1980. L-39 ni àbúrò L-29, MB-339 ni àbúrò MB-326. Alpha Jet yìí ló lọ sí Liberia àti Sierra Leone, tó sì tún lọ dojú kọ Boko Haram. Mi ò bu ẹnu àtẹ́ lu awakọ̀ kan tó fi ohun tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ jà. Ohun tó ń dùn mí ni pé bàálù tó ń ju bọ́ǹbù kò lè kọ́ ọmọ lọ́jọ́ náà. Bí ìjọba bá fi owó kan náà wá bàálù ìkọ́ṣẹ́ àti bàálù ogun papọ̀, ilé ẹ̀kọ́ ló máa ń kọ́kọ́ fara gbá.

Ìdájọ́

Ǹjẹ́ ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ bẹ̀rẹ̀ lórí jẹ́ẹ̀tì? Amẹ́ríkà fi ojú ara rẹ̀ rí ìdáhùn. Ní 1961, wọ́n pinnu pé orí T-37 ni gbogbo ọmọ tuntun yóò ti bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó fi máa di 1965, wọ́n ti mú Cessna 172 alábẹ̀bẹ̀ wọlé, wọ́n pè é ní T-41, kí wọ́n lè tètè mọ ẹni tí kò ní lè ṣe é kó tó di pé wọ́n jó epo jẹ́ẹ̀tì lé e lórí. Ilé là á wò ká tó sọmọ lórúkọ. Gẹ̀ẹ́sì náà fi Tucano, tí Embraer yàwòrán rẹ̀, rọ́pò Jet Provost. T-6 rọ́pò T-37. Ní Cognac, ní Faransé, PC-21 ni wọ́n ń lò báyìí. Abẹ̀bẹ̀ ló wà níwájú gbogbo wọn, ẹ́ńjìnnì tó ń yí abẹ̀bẹ̀ náà sì jẹ́ mọ̀lẹ́bí jẹ́ẹ̀tì.

Ṣé Magister àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ wá kùnà? Rárá o. Ẹ wo inú Tucano: ìjókòó tó ń ju awakọ̀ síta wà níbẹ̀, táyà wà lábẹ́ imú, ojú akẹ́kọ̀ọ́ ríran, ìjókòó olùkọ́ tó wà lẹ́yìn sì ga ju ti iwájú lọ kó lè máa wo pápá láìsí dígí alápótí. Jẹ́ẹ̀tì kékeré ló kọ́ àwọn tó ń ṣe bàálù ní gbogbo èyí, àléébù Magister náà sì jẹ́ olùkọ́. Epo tó ń jó nìkan ni wọ́n yọ kúrò.

Ìdí nìyẹn tí mo fi gbà pé Magister ṣe ju bí òkìkí rẹ̀ nínú àwọn eré òfuurufú Patrouille de France ṣe fi hàn lọ, níbi tí wọ́n ti lò ó láti 1964 títí wọ́n fi gba Alpha Jet. Nígbà tí ìjọba wa bá tún kéde pé òun fẹ́ ra bàálù ìkọ́ṣẹ́, eré rẹ̀ àti iye bọ́ǹbù tó lè gbé kọ́ ló yẹ ká kọ́kọ́ bi wọ́n. Ẹ jẹ́ ká bi wọ́n pé èló ni wákàtí kan lókè yóò ná akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan, ṣé àwọn mẹkáníìkì wa lè tún un ṣe fúnra wọn, awakọ̀ mélòó ni yóò sì mú jáde lọ́dún, láìka ti ogun. Bàálù ìkọ́ṣẹ́ tí kò bá lè dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, orúkọ lásán ló ń jẹ́.